Ṣé Iṣẹ́ Tó Lè Gbéni Dalẹ́ Ni Ipa Ìṣẹ́jú Méjì?

Ìbéèrè tí arábìnrin kan fi ránṣẹ́ láti Ìbàdàn rèé:

"Ẹ kú iṣẹ́ o, ọ̀gá. Àbúrò mi ọkùnrin wà ní Lọ́ńdọ̀nù. Ó ti pé ọdún 9 báyìí tó ti jáde ilé-ẹ̀kọ́ eré ṣíṣe níbẹ̀. Gbogbo ìgbà tí a bá rí i lórí tẹlifíṣọ̀n, kì í ju ìṣẹ́jú méjì lọ. Ó ṣe dókítà lónìí, ó ṣe awakọ̀ lọ́la, ó ṣe ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà lọ́túnla. Bàbá wa ní kó jáwọ́, pé iṣẹ́ wákà-páàsì kì í ṣe iṣẹ́ tí ọkùnrin fi ń bọ́ ilé. Òun náà fárígá pé iṣẹ́ òun ni òun ń ṣe. Ta ni ká gbà gbọ́? Ṣé ọmọ Yorùbá kankan wà tó fi irú ipa báyìí jẹun títí ní Ìlú Ọba?"

Arábìnrin mi, ẹ ṣeun tí ẹ kọ̀wé. Ẹ bá mi kí Bàbá. Ẹ̀rù tó ń bà wọ́n kì í ṣe ẹ̀rù lásán, ẹ ó sì rí i níwájú pé mo gbè sẹ́yìn wọn níbì kan. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n ti ìparí ìbéèrè yín bẹ̀rẹ̀, torí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà. Ọmọ Yorùbá kan wà tó fi irú ipa bẹ́ẹ̀ jẹun ní Ìlú Ọba fún ohun tó lé ní ọgbọ̀n ọdún. Ọmọ Èkó ni. Àdúgbò Òkè-Sùnà ni wọ́n bí i sí, ní oṣù Kejìlá ọdún 1899. Orlando Martins ni orúkọ tí ayé mọ̀ ọ́n sí.

Ó ń dùn mí pé orúkọ yìí ti ń parẹ́ lẹ́nu wa. Bí mo bá dárúkọ rẹ̀ fún àwọn ọ̀dọ́ tí mo ń kọ́ ní eré ìtàgé, ńṣe ni wọ́n máa ń wò mí tìyanu-tìyanu. Bẹ́ẹ̀ ẹni tó bá ti wo fíìmù Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ kan tí ìtàn rẹ̀ dé ilẹ̀ Áfíríkà ti lè rí ojú rẹ̀ láìmọ̀: ọkùnrin gìrìpá, ohùn rẹ̀ rinlẹ̀ bí ìró gbẹ̀du, a sì máa dúró jẹ́ẹ́ ju gbogbo àwọn tó wà láyìíká rẹ̀ lọ.

Ìran bàbá rẹ̀ ti Bràsíìlì wá, bíi ti ọ̀pọ̀ ìdílé Àgùdà ní Erékùṣù Èkó. Ó wọ Eko Boys High School ní 1913, kò parí rẹ̀. Ó ṣe akọ̀wé ìṣirò owó ní ilé iṣẹ́ Faransé kan. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní ó wọkọ̀ ojú omi lọ sí Ìlú Ọba, ó ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ òkun àwọn oníṣòwò, nígbà tí ogun sì parí, ó jókòó sí Lọ́ńdọ̀nù. Kò lọ ilé-ẹ̀kọ́ eré kankan. Ara tí Ọlọ́run fún un àti ohùn ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀ ló ní. Ó fi ara náà ja ìjàkadì fún owó, "Black Butcher Johnson" ni wọ́n ń pè é lójú agbo. Ó dúró láàárín èrò lẹ́yìn àwọn oníjó bálẹ́ẹ̀tì ti Diaghilev, ọmọ Rọ́ṣíà. Ó fi ohùn rẹ̀ kọrin nínú ẹgbẹ́ tó ń gbé eré olórin Show Boat kiri ìlú. Ní 1926, nígbà tí sinimá kò tíì máa sọ̀rọ̀, ó wọ inú fíìmù fún ìgbà àkọ́kọ́. Bí ọ̀kan lára èrò náà ni.

Ẹ bá mi ka ọdún rẹ̀. Láti 1926 yẹn, ọdún 9 ló lò kó tó dé inú Sanders of the River ní 1935, níbi tí ipa rẹ̀ ti ní orúkọ. K'Lova ni orúkọ ipa náà. Paul Robeson, ọmọ Amẹ́ríkà tí ohùn rẹ̀ gba ayé kan, ló ṣe ipa ńlá níbẹ̀. Jomo Kenyatta, tó padà di ààrẹ Kenya, wà láàárín èrò tí wọ́n kó jọ. Ìtàn inú fíìmù náà tẹ́ wa: ó fi àwọn ọba Áfíríkà hàn bí ọmọ kékeré tí àjẹ́lẹ̀ òyìnbó kan ń tọ́ sọ́nà. Robeson fúnra rẹ̀ kẹ̀yìn sí i nígbà tó yá. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́dún kejì. Ní oṣù Kẹta 1936, ní gbọ̀ngàn eré Westminster, Robeson ṣe Toussaint Louverture nínú eré tí C. L. R. James, ọmọ Trinidad, kọ nípa bí àwọn ẹrú Haiti ṣe gba ara wọn sílẹ̀. Orlando Martins ló ṣe Boukman, ẹrú tó dá ọ̀tẹ̀ náà sílẹ̀. Ọkùnrin kan náà, láàárín ọdún kan, ló wà nínú ìtàn ìtẹ́ni tó sì tún ṣe ẹrú tó dìde. Ẹni tó bá ń ṣe ipa ẹ̀gbẹ́ kì í yan ìtàn tí wọ́n máa pè é sí. Kìkì bó ṣe máa dúró nínú rẹ̀ ló lè yàn.

Ọdún mẹ́wàá mìíràn tún kọjá kí orúkọ rẹ̀ tó wá dá dúró. Ní 1946, ó ṣe Magole, oníṣègùn tí gbogbo abúlé ń bẹ̀rù, nínú Men of Two Worlds. Robert Adams, ọmọ Guyana, ló ṣe Kisenga, olórin tó ti Lọ́ńdọ̀nù padà sí Tanganyika láti gbógun ti àìsàn oorun. Martins ti di ẹni ọdún 46.

Ẹ wá jẹ́ kí n mú yín wọ inú fíìmù kan, torí ibẹ̀ ni ohun tí mo fẹ́ sọ fún Bàbá wà. The Hasty Heart ni, ti ọdún 1949. Orí ìtàgé Lọ́ńdọ̀nù ni Martins ti kọ́kọ́ ṣe ipa náà ní 1945, kí wọ́n tó sọ ọ́ di fíìmù. Wọ́ọ̀dù ilé ìwòsàn àwọn ọmọ ogun ni, ní Burma, ogun ṣẹ̀ṣẹ̀ parí. Àwọn tó wà lórí bẹ́ẹ̀dì wá láti oríṣiríṣi ilẹ̀. Ronald Reagan, tó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà, ló ṣe ọmọ Amẹ́ríkà àárín wọn. Ọmọ Áfíríkà kan náà wà níbẹ̀, Blossom ni wọ́n ń pè é, Martins ló ṣe é. Wọ́n wá gbé Lachie dé, ọmọ Scotland, agbéraga ọ̀dọ́kùnrin tí kò fẹ́ gba oore lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Richard Todd ló ṣe Lachie. Kò mọ̀ pé kíndìnrín tó kù sí òun lára ti ń daṣẹ́ sílẹ̀, pé ọjọ́ òun kò pọ̀ mọ́. Àwọn tó kù mọ̀. Wọ́n ti bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n fara da ìwà rẹ̀.

Díẹ̀díẹ̀, Lachie rọ̀, ó di ọ̀rẹ́ wọn. Ìgbà yẹn ni wọ́n wá sọ òótọ́ fún un. Ọkàn rẹ̀ bá yí padà pátá. Ó ní àánú ni gbogbo oore yẹn, pé ẹ̀tàn ni ọ̀rẹ́ wọn, kí kálukú gbé tirẹ̀ lọ. Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì o. Orúkọ ara rẹ̀ ló mọ̀ ọ́n pè. Kò mọ ìjà tó ń ṣẹlẹ̀. Ó mú ẹ̀gbà ọrùn onílẹ̀kẹ̀ kan wá fún Lachie. Lachie kọ̀ ọ́ tìbínú-tìbínú. Wọ́n bá sọ fún Lachie pé: ọkùnrin yìí kò gbọ́ èdè wa, ta ni ì bá sọ fún un pé o ń kú lọ? Ibẹ̀ ni Lachie ti ya lulẹ̀. Ó sunkún, ó ní òun kò fẹ́ dá nìkan kú.

Mo ti wo apá yẹn ju bí mo ṣe lè kà lọ. Wọ́n dárúkọ Todd fún ẹ̀bùn Oscar nítorí fíìmù yẹn, ó sì tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n ẹ yọ Blossom kúrò, ẹ wò ó bóyá ẹkún Todd á rí ibi tí yóò gbà jáde. Gbogbo ìtàn rọ̀ mọ́ ọwọ́ ọkùnrin tí kò ní ọ̀rọ̀ kan láti sọ. Iṣẹ́ náà sì le ju bó ṣe rí lójú lọ. Bí Martins bá jẹ́ kí ojú rẹ̀ sọ pé "mo mọ̀ pé o ń kú", ìtàn ti bàjẹ́. Bó bá fi ẹ̀rín músẹ́ bẹ Lachie, ìtàn ti bàjẹ́. Ó ní láti na ọwọ́ bí ẹni tó ń gbé omi fún àlejò, kí ohunkóhun má wà lẹ́yìn rẹ̀. Ó ṣe é bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ nìyẹn gan-an: kí o wọ inú ìtàn ẹlòmíràn fún ìṣẹ́jú díẹ̀, kí ìtàn náà tipasẹ̀ rẹ di òótọ́, kí o sì jáde láìmú nǹkan kan dání.

Mi ò ní fi ọ̀rọ̀ dídùn bo ibi tó dun ọkàn. Ìjòyè, olórí abúlé, oníṣègùn, ìránṣẹ́: ibẹ̀ ni wọ́n ń yí i sí. Ó ṣe olórí abúlé nínú Simba ní 1955, fíìmù tí wọ́n ṣe nípa Mau Mau, ọ̀tẹ̀ tí wọ́n dìde sí àwọn òyìnbó ní Kenya. Ó ṣe ìjòyè nínú fíìmù Tarzan kan ní 1957. Ní 1959 ó ṣe Kalulu lẹ́gbẹ̀ẹ́ Audrey Hepburn nínú The Nun's Story, ọdún yẹn kan náà ló ṣe ẹni tó ń ta ọtí nínú Sapphire. Ọkùnrin tó ti ṣe Boukman, tó ti ṣe Magole! Àwọn kan máa ń sọ pé kò yẹ kó gbà. Èmi kò sí lára wọn. Ìwé tí wọ́n kọ ló kéré, òun kọ́ ló kéré. Bí ó bá kọ ipa ìjòyè náà sílẹ̀, ìjòyè náà kò ní kúrò nínú ìwé. Ẹlòmíràn ni wọ́n á fún, bóyá ẹni tí yóò fi ṣe yẹ̀yẹ́. Bí Martins bá jókòó lórí àga oyè nínú fíìmù tí kò dára pàápàá, ẹ óò rí i pé ó mọ bí ọba ṣe ń jókòó. Èkó ló ti rí i.

Ó padà sí Èkó ní 1959. Iṣẹ́ kò tán. Wọ́n tún pè é fún Sammy Going South àti Call Me Bwana, àwọn méjèèjì jáde ní 1963, lẹ́yìn náà Mister Moses ní 1965. Nígbà tí wọ́n ń sọ Kongi's Harvest di fíìmù nílẹ̀ wa níbí ní 1970, tí Wọlé Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ṣe Kongi, Martins wà níbẹ̀, àgbàlagbà ẹni 70 ọdún. Èkó ló kú sí ní oṣù Kẹsàn-án 1985.

Ká wá padà sọ́dọ̀ àbúrò yín. Mo jókòó rí nínú yàrá kan ní Lọ́ńdọ̀nù níbi tí wọ́n ti ń yan òṣèré fún eré tẹlifíṣọ̀n kan. Ipa dókítà ni, ìlà méjì péré: dókítà wọlé, ó ní kí ìyá aláìsàn jókòó, ó ní èsì àyẹ̀wò ti dé. Ọkùnrin mẹ́fà ló wọlé tẹ̀ léra wọn. Márùn-ún nínú wọn ṣe eré. Ẹ mọ ohun tí mò ń sọ: wọ́n fa ojú ro, wọ́n mí kanlẹ̀, wọ́n wo ìyá náà bí ẹni pé àwọn ni ìtàn ń sọ nípa wọn. Ẹni kẹfà wọlé pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́, ó wo ibi tí yóò gbé e sí, kò rí, ó bá fi í há abíyá kó lè fa àga fún ìyá náà. Ó wá sọ ìlà méjèèjì wẹ́rẹ́, bí ẹni tó ti sọ ọ́ fún ìyá mẹ́ta láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Kí ó tó pa ilẹ̀kùn dé lẹ́yìn ara rẹ̀ ni obìnrin tó ń yàn wọ́n ti kọ orúkọ rẹ̀ sílẹ̀. Ó sọ fún mi pé ìwé tó fi há abíyá yẹn ni, pé dókítà tí iṣẹ́ ti wọ̀ lọ́rùn ló máa ń ṣe bẹ́ẹ̀. Kò sí ìyẹn nínú ìwé eré. Òun ló mú un wá láti ilé.

Níbí ni mo ti fẹ́ kí ẹ bi àbúrò yín ní ìbéèrè kan, torí ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń lò níbẹ̀ máa ń da àwọn èèyàn wa láàmú. Ní Ìlú Ọba, ẹni tí wọ́n bá pè ní supporting artist kì í ṣe amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ tí mò ń sọ. Àwọn èrò tó ń rìn kọjá lẹ́yìn, tó jókòó nílé oúnjẹ, tí wọn kì í sọ̀rọ̀, ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀. Owó ojúmọ́ ni tiwọn, ilé iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ló sì ń kó wọn wá. Wákà-páàsì tí Bàbá ń sọ nìyẹn, iṣẹ́ òótọ́ ni, ṣùgbọ́n kì í sábà gbéni dé ibòmíràn. Martins jáde kúrò níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ ni kò jáde. Ẹni tó ní ìlà ọ̀rọ̀, tí wọ́n pè wá ṣe ọ́díṣọ̀n, tí orúkọ rẹ̀ ń jáde lẹ́yìn eré, ti bọ́ sí ẹgbẹ́ mìíràn. Dókítà, awakọ̀, ẹ̀ṣọ́: bí gbogbo wọn bá sọ̀rọ̀, ọmọ yín ti wà lójú ọ̀nà.

Kì í sì í ṣe aláwọ̀ dúdú nìkan ló ń jẹ nínú àwo yìí. Wọ́n bí Sam Kydd ní Belfast ní 1915. Àwọn Jámánì mú un ní Calais ní 1940, wọ́n sì fi í sí àgọ́ ẹlẹ́wọ̀n ogun ní Poland títí ogun fi ń parí lọ. Inú àgọ́ yẹn ló ti ń ṣe eré fún àwọn tí wọ́n jọ wà lẹ́wọ̀n. Nígbà tó jáde, wọ́n ń ṣe fíìmù kan nípa àwọn ẹlẹ́wọ̀n ogun, The Captive Heart, wọ́n pè é sí i. Láti 1946 títí ó fi kú ní 1982, ó wà nínú fíìmù tó ju 200 lọ. Ó ṣe sójà, ó ṣe atukọ̀, ó ṣe apínlẹ́tà, ó ṣe olè kékeré, ó ṣe alágbàtà ọjà gbígbóná. Gbogbo ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì mọ ojú rẹ̀, ọ̀pọ̀ kò mọ orúkọ. Ó ti ń lọ sí ẹni ọdún 50 kí eré tẹlifíṣọ̀n Crane tó fún un ní ipa tí àwọn èèyàn fẹ́ràn tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ṣe eré ọmọdé ọ̀tọ̀ fún ipa náà. Orúkọ tí wọ́n fún eré náà ni Orlando. Mo máa ń rẹ́rìn-ín bí mo bá rántí pé orúkọ ọmọ Òkè-Sùnà wa náà nìyẹn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò kàn án.

Nígbà ayé Martins àti Kydd, fíìmù ló ń bọ́ irú wọn. Ilé iṣẹ́ fíìmù pọ̀ ní àyíká Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n ń ṣe é léraléra, òṣèré lè jáde ní ọ̀kan ní ọjọ́ Jímọ̀ kó wọ òmíràn ní ọjọ́ Ajé. Láyé òde òní, eré tẹlifíṣọ̀n tí kì í tán ló gba ipò yẹn. The Bill, eré àwọn ọlọ́pàá, lọ láti 1984 sí 2010. Casualty ti wà láti 1986. Ẹ wò ó bí wọ́n ṣe ń ṣiṣẹ́: àwọn dókítà àti ọlọ́pàá inú rẹ̀ jẹ́ onílé, wọ́n wà níbẹ̀ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀; ṣùgbọ́n ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló nílò aláìsàn tuntun, ẹbí aláìsàn, ẹlẹ́rìí, afurasí. Àwọn àlejò wọ̀nyẹn ni àbúrò yín. Níbẹ̀ ni ọ̀pọ̀ òṣèré ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń dúró níwájú kámẹ́rà tí ọwọ́ sì ń sáré. Ohun tó ń kọ mí lóminú ni pé àwọn ilé náà ń tì. Holby City parí ní 2022. Doctors, tó bẹ̀rẹ̀ ní 2000, tó sì máa ń lọ ní ọ̀pọ̀ ọjọ́ láàárín ọ̀sẹ̀, parí ní oṣù Kọkànlá 2024. Ẹni tó bá jáde ilé-ẹ̀kọ́ eré lónìí, ilẹ̀kùn tó wà níwájú rẹ̀ kò tó èyí tí àbúrò yín bá ní ọdún 9 sẹ́yìn.

Ibi tí mo ti gbè sẹ́yìn Bàbá nìyí o: owó. Iṣẹ́ yìí kò ní owó oṣù. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ àwọn òṣèré, Equity, ti wà láti 1930, àwọn ni wọ́n ń bá àwọn ilé iṣẹ́ dúnàádúrà iye tó kéré jù tí wọ́n gbọ́dọ̀ san. Bí wọ́n bá tún eré gbé sáfẹ́fẹ́ tàbí tí wọ́n tà á sí òkèèrè, owó kékeré lè tún wọlé lẹ́yìn ọdún mélòó kan. Ṣùgbọ́n aṣojú òṣèré ń yọ ìdá tirẹ̀ kúrò, owó orí ń yọ tirẹ̀, oṣù mẹ́ta sì lè kọjá tí fóònù kò dún. Nítorí náà, ẹni tó bá sọ pé eré nìkan ni òun ń ṣe, tí kò sì ní ipa onílé kankan, ẹ bi í dáadáa. Àwọn tó pẹ́ nídìí rẹ̀ ní iṣẹ́ kejì tó ṣeé gbé sílẹ̀ fún ọjọ́ méjì: wọ́n ń kọ́ ọmọ ní lẹ́sìnnì, wọ́n ń ka ìwé sínú rẹ́kọ́ọ̀dù, wọ́n ń tún ilé ṣe. Martins ja ìjàkadì. Kò sí ẹ̀gàn nínú ìyẹn. Ohun tó léwu ni iṣẹ́ kejì tí ọ̀gá ibẹ̀ kò ní jẹ́ kó jáde bí wọ́n bá pè é láàárọ̀ ọ̀la, torí bí wọ́n ṣe máa ń pè wọ́n nìyẹn.

Martins nìkan kọ́ ni ọmọ Yorùbá tó gba ọ̀nà yìí. Gbogbo wa mọ Olú Jacobs gẹ́gẹ́ bí ọba nínú fíìmù ilé. Ọmọ Ẹ̀gbá ni, Kánò ni wọ́n bí i sí ní 1942, níbẹ̀ ló ti rí ẹgbẹ́ Hubert Ògúndé tí wọ́n wá ṣeré, tí ìfẹ́ iṣẹ́ náà wọ̀ ọ́ lára. Ó lọ kọ́ṣẹ́ ní RADA, ilé-ẹ̀kọ́ eré ńlá kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Lẹ́yìn náà, jálẹ̀ àwọn ọdún 1970, ohun tí àbúrò yín ń ṣe yìí gan-an ló ń ṣe: ó wọ Till Death Us Do Part, ó wọ The Goodies, ó wọ Angels, ó tún wọ fíìmù The Dogs of War ní 1980. Ọba tí a rí nígbà tó padà wálé, ìdí ipa kéékèèké yẹn ló ti kọ́ ìdúró rẹ̀. Yẹmí Àjíbádé ńkọ́, ọmọ Ìlá Ọ̀ràngún tí wọ́n bí ní 1929? Òun kò fi gbogbo ọjọ́ retí ìpè. Ó ń kọ eré fúnra rẹ̀, wọ́n sì gbé Parcel Post tó kọ sórí ìtàgé ní gbọ̀ngàn eré Royal Court ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1976. Ní 2002, ó ti lé ní 70 ọdún, ó wà nínú fíìmù Dirty Pretty Things. Earl Cameron, ọmọ Bermuda, tó ṣe dókítà nínú Sapphire tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan, ṣì wà nínú Inception ní 2010, ẹni ọdún 92. Àǹfààní iṣẹ́ amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ rèé: ẹwà lè tán lára òṣèré ńlá kí fóònù rẹ̀ dákẹ́, ṣùgbọ́n ìtàn kì í yé nílò bàbá àgbà.

Báwo lẹ ṣe máa wá mọ̀ bóyá ọmọ yín ń lọ síwájú? Ẹ má wo ìṣẹ́jú. Ẹ wo àwọn orúkọ tó ń sáré kọjá lẹ́yìn eré. Bí ó bá jẹ́ "Awakọ̀" tàbí "Ọlọ́pàá Kejì" ni wọ́n kọ síwájú orúkọ rẹ̀ ní ọdún kẹta, tí ó jẹ́ pé ní ọdún kẹsàn-án ipa rẹ̀ ti ní orúkọ àbísọ, nǹkan ti yí. Bí olùdarí eré kan bá ti pè é lẹ́ẹ̀mejì, ó sàn ju kí mẹ́wàá pè é lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan lọ. Bí wọ́n bá mú un padà nínú eré kan náà lọ́sẹ̀ kejì, ẹnì kan ti bá a sọ̀rọ̀ rere nínú yàrá tí kò sí. Kí ẹ sì bi í bóyá àwòrán rẹ̀ tó wà nínú Spotlight, àkójọ orúkọ àti àwòrán àwọn òṣèré, ṣì jọ ọ́. Láti 1927 ni àwọn tó ń yan òṣèré ti ń wo ibẹ̀, nígbà tó ṣì jẹ́ ìwé. Orí íntánẹ́ẹ̀tì ló wà báyìí. Ó yà mí lẹ́nu bí àwòrán àtijọ́ ṣe ń ba iṣẹ́ àwọn ọmọ wa jẹ́ tó: ọkùnrin ti hu irùngbọ̀n, irun ti ń funfun létí, ó yẹ kí wọ́n máa pè é fún ipa bàbá, àwòrán ọmọ ilé-ìwé ló ṣì gbé síbẹ̀.

Bí ìdáhùn gbogbo ìwọ̀nyí bá jẹ́ bẹ́ẹ̀ kọ́, tí ọdún kẹsàn-án rí bí ọdún kìíní, mo fara mọ́ Bàbá pé kí ẹ jókòó bá a sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ ní ó ti ṣe dókítà, ó ti ṣe awakọ̀, ó ti ṣe ẹ̀ṣọ́. Wọ́n ń pè é padà. Èmi ní tèmi kò ní dá a dúró.

Ẹ bá mi ṣe nǹkan kan. Bí ẹ bá rí The Hasty Heart, ẹ jẹ́ kí Bàbá wò ó ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan. Ẹ má sọ ohunkóhun fún wọn ṣáájú. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wò ó títí dé ibi tí Blossom ti na ẹ̀gbà ọrùn yẹn sí Lachie, kí ẹ wò ó bóyá wọ́n á lè gbójú kúrò lára ọkùnrin náà. Ẹ wá sọ fún wọn nígbà náà pé ọmọ Òkè-Sùnà ni.